Abẹ́rẹ́ àti Tàdáwà

Ẹ jókòó kí ara tù yín, ẹ̀yin tí ẹ fẹ́ràn ọ̀rọ̀ ìfẹ́. Ẹni tó gbé omi ka iná, kó lọ sọ ọ́ kalẹ̀. Ẹni tó pọn ọmọ, kó rẹ̀ ẹ́ sùn. Ìtàn kan wà lẹ́nu mi, ìtàn ọkùnrin kan àti obìnrin kan tí wọ́n fẹ́ra wọn débi pé ẹni tó bá rí wọn pa pọ̀ á máa rẹ́rìn-ín láìmọ ohun tó ń rín. N kò ní parọ́ fún yín pé ó dùn délẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ ọ tán kí ẹ tó bá mi jà, torí ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ.

Nígbà tí mò ń wí yìí, ìlú ò rọ̀. Ẹ mọ bó ṣe ń rí bí adìẹ bá bà lé okùn: ara ò rọ okùn, ara ò rọ adìẹ. Ìjọba ń ṣọ́ aráàlú, aráàlú ń ṣọ́ ìjọba. Wọ́n to àpò iyanrìn síwájú ilé ìfìwéránṣẹ́, ṣọ́jà dúró sí oríta, aago méje ìrọ̀lẹ́ kò sì gbọdọ̀ bá ẹnikẹ́ni níta. Síbẹ̀ àwọn èèyàn ń fọ aṣọ, wọ́n ń sá a, wọ́n ń bá ara wọn jà nítorí garawa omi, àwọn ọmọge sì ń gbé aṣọ ìgbéyàwó lọ fún rírán. Ṣé kí ayé dúró ni?

Ṣọ́ọ̀bù aránṣọ kan wà létí títì, yàrá kan ṣoṣo tó ní fèrèsé ńlá kan, maṣíìnì méjì, tábìlì ìgéṣọ kan àti dígí kan tó ti sán láàárín. Àǹtí ni gbogbo àdúgbò ń pe obìnrin tó ni ín. Ọ̀rọ̀ ò wọ́n an lẹ́nu rí. Ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin ló ń bá a ṣiṣẹ́, ọmọbìnrin ọdún mẹ́rìnlélógún tí ìyá rẹ̀ kú nígbà tó wà lọ́mọ ọwọ́, tí Àǹtí gan-an sì tọ́ dàgbà. Abẹ́rẹ́ ni Àǹtí sọ ọ́, torí pé ó tẹ́ẹ́rẹ́, ẹnu rẹ̀ sì mú.

Àǹtí kì í ṣàdédé ki àlùmọ́gàjí bọ aṣọ ìyàwó. Bébà ló kọ́kọ́ máa ń gé: bébà apá, bébà àyà, bébà ẹ̀yìn. Yóò wá fi píìnì kan bébà mọ́ aṣọ, yóò sì gé aṣọ tẹ̀ lé e. Pátáànì nìyẹn. Bébà tó fẹ̀ tó bẹ́ẹ̀, ọ̀wọ́n ni, àfi ní ilé ìtẹ̀wé tó wà ní òpópó kejì. Bí ẹ̀rọ ìtẹ̀wé bá ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, bíi ogún bébà àkọ́kọ́ kì í dáa. Tàdáwà á yí, ìlà á gun ara wọn. Ojú kan bébà náà ti bàjẹ́, ojú kejì funfun báláú. Àwọn atẹ̀wé ń kó irú bébà bẹ́ẹ̀ fún Àǹtí, Àǹtí náà sì ń bá wọn lẹ aṣọ iṣẹ́ wọn tó bá ya. Ọ̀tún wẹ òsì, òsì wẹ ọ̀tún, lọwọ́ fi ń mọ́. Ẹ fi ọ̀rọ̀ ọwọ́ tó mọ́ yìí sọ́kàn, a ó padà bá a.

Ọjọ́ Ẹtì kan, ẹni tó ń gbé bébà wá tẹ́lẹ̀ kò wá. Ọkùnrin gíga kan ló wọlé, bébà léjìká, ìka mẹ́wẹ̀ẹ̀wá dúdú bí ìdí ìkòkò. Kó tó ríbi sọ ẹrù kalẹ̀, ó ti fọwọ́ ti aṣọ funfun tí Abẹ́rẹ́ ń lọ̀. Ìka mẹ́ta yọ lára rẹ̀ kedere.

Abẹ́rẹ́ wo aṣọ, ó wo ọkùnrin náà.

"Ẹ kú iṣẹ́ o," ó ní. "Ṣé ẹ ti tẹ̀ ẹ́ tán, àbí ó ku ojú kejì?"

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú. Mo fọ ọwọ́ yìí kí n tó jáde."

"Kí lẹ fi fọ̀ ọ́? Èédú?"

Àǹtí, tí píìnì wà láàárín ètè rẹ̀, rẹ́rìn-ín débi tó fi tu píìnì sọ́wọ́. "Abẹ́rẹ́, fi ọmọ ọlọ́mọ sílẹ̀. Ìwọ Tàdáwà, jókòó síbẹ̀ yẹn, má fọwọ́ kan nǹkan kan. Afẹ́fẹ́ pàápàá, má fọwọ́ kàn án."

Báyìí ni ó ṣe di Tàdáwà. Abẹ́rẹ́ gé ibi tí ìka mẹ́ta náà wà kúrò lára aṣọ, ó ní òun fẹ́ dà á nù. Kò dà á nù.

Lọ́sẹ̀ kejì, Tàdáwà wá lọ́jọ́ Ẹtì. Lọ́sẹ̀ kẹta, ó wá lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, ó tún wá lọ́jọ́ Ẹtì. Nígbà tí oṣù kejì fi máa parí, bébà ti kún abẹ́ tábìlì, ó ti kún orí kọ́bọ́ọ̀dù.

"Tàdáwà," ni Àǹtí wí, "ṣé ẹnì kan sọ fún ọ pé gbogbo ìlú ló fẹ́ ṣègbéyàwó lọ́dún yìí ni?"

"Ó lè ṣẹlẹ̀, Àǹtí."

"Ó lè ṣẹlẹ̀, àbí? Mo ń lọ ra òwú. Ẹ̀yin méjèèjì, ẹ bá mi ṣọ́ bébà."

Òwú wà nínú dúrọ́ọ̀. Ó kàn fẹ́ fún wọn láyè ni.

Bí Àǹtí ti jáde, Tàdáwà fa lẹ́tà òjé márùn-ún, irú èyí tí wọ́n ń tò láti fi tẹ̀wé, yọ nínú àpò, ó tò wọ́n sórí tábìlì.

"Bá mi ka èyí."

"Ó dorí kodò," ni Abẹ́rẹ́ wí.

"Kò dorí kodò. Ẹ̀yìn ló kọ sí ọ. Bí àwa atẹ̀wé ṣe ń kàwé nìyẹn, láti ẹ̀yìn wá. Ọdún kẹsàn-án mi rèé nídìí iṣẹ́ yìí. Bí mo bá ń tò ó, lẹ́tà ni mò ń rí, n kì í rí ọ̀rọ̀. Wọ́n lè ní kí n tẹ ìkéde òkú ara mi, n ò ní mọ̀ títí màá fi tẹ̀ ẹ́ tán."

"Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́ o. Irú ẹnu wo nìyẹn?"

"Kà á ná."

Abẹ́rẹ́ tẹ̀ síwájú, ó fi ìka tọ́ lẹ́tà náà lọ́kọ̀ọ̀kan láti ọwọ́ ọ̀tún. Ó kà á dé orí ìkarùn-ún: Abẹ́rẹ́. Orúkọ rẹ̀ ni.

"Eléyìí nìkan ni mo kà kí n tó tò ó," ni Tàdáwà wí.

Ẹ̀yin èèyàn mi, kí lẹ fẹ́ kí ọmọbìnrin ṣe sí irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀? Ó ní kí ó lọ fọ ọwọ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tó fẹ́ kó lẹ́tà rẹ̀, Abẹ́rẹ́ fọwọ́ bò ó mọ́lẹ̀.

Àǹtí fúnra rẹ̀ ló di alárinà. Ó wọ bàtà tó dáa, ó lọ bá ẹ̀gbọ́n rẹ̀ nílé lọ́sàn-án ọjọ́ Àìkú. Bàbá Akọ̀wé ni wọ́n ń pe ẹ̀gbọ́n yìí. Ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ló ti fi jókòó nídìí tábìlì kan náà ní ọ́fíìsì ìjọba, níbi tí wọ́n ti ń kọ orúkọ ilé àti ilẹ̀ sílẹ̀. Ṣẹ́ẹ̀tì rẹ̀ funfun, èékánná rẹ̀ mọ́ bí ti ọmọ tuntun. Ìlànà rẹ̀ láyé kò ju ẹyọ kan lọ: bí ọ̀gá bá bi ọ́ léèrè ọ̀rọ̀, dá a lóhùn ní kíkún. Òtítọ́ kì í ṣìnà, á ní, irọ́ ní í forí gbọgbẹ́.

"Ẹ̀gbọ́n mi, mo wá o."

"Mo rí ọ. O ti jókòó kí o tó sọ bẹ́ẹ̀."

"Ọmọ yín ti rí ọkọ."

"Ta ni?"

"Atẹ̀wé ni. Ọmọ gidi ni, ó níwà, ó lápọn, ó—"

"Rárá."

"Ẹ ò tíì jẹ́ kí n sọ̀rọ̀ tán."

"Àbúrò mi, irú ìgbà wo la wà yìí? Ìgbà tí bébà ń pa èèyàn ni. Ẹni tó ń tẹ̀wé jẹun, ìwé ìpè sí ìgbéyàwó ló ń tẹ̀ lónìí, lọ́la ńkọ́? Ṣé o gbọ́ ti ọmọ tíṣà ìsàlẹ̀ yìí? Ìwé ìléwọ́ ẹyọ kan tó ta ko ìjọba ni wọ́n bá lápò rẹ̀. Ìyá rẹ̀ ò tíì rí i di òní. N kò lè fi ọmọ mi fún ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ kì í mọ́."

"Ọwọ́ rẹ̀ ló dúdú, inú rẹ̀ ò dúdú."

"Ṣọ́jà kì í wo inú."

Àǹtí gbé bàtà rẹ̀, ó padà. Lọ́sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, ó tún lọ. Oṣù mẹ́rin gbáko ló fi rin ọ̀nà yẹn, títí ó fi ní ẹ̀gbọ́n òun yóò ra bàtà míì fún òun. Nígbà tó yá, Bàbá Akọ̀wé ní òun ti gbọ́, àmọ́ ohun kan ni òun fẹ́. Kí ọmọkùnrin náà fi ilé ìtẹ̀wé sílẹ̀. Ọjọ́ tó bá kúrò níbẹ̀, kó wá kí òun nílé. Kó na ọwọ́ méjèèjì kí òun rí i. Bí ọwọ́ náà bá mọ́, kó mú ìyàwó rẹ̀ máa lọ.

Nígbà tí Abẹ́rẹ́ jíṣẹ́ yìí fún Tàdáwà, ó na ọwọ́ méjèèjì síwájú, ó wò wọ́n.

"Ilé ìkẹ́rùsí kan ń wá ọlọ́dẹ," ó ní nígbẹ̀yìn.

"Ìwọ tí o ò lè panu mọ́ fún ìṣẹ́jú kan? Ta lo máa bá sọ̀rọ̀ níbẹ̀?"

"Àpótí. Àpótí kì í bú èèyàn bíi tìrẹ."

Ó rẹ́rìn-ín, Abẹ́rẹ́ náà rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n nígbà tí Abẹ́rẹ́ ń lọ sílé, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ro ọ̀rọ̀ náà. Ẹni tó fi iṣẹ́ ọdún mẹ́sàn-án sílẹ̀ nítorí mi, ó ń bi ara rẹ̀, ṣé kò ní jí lọ́jọ́ kan kó wò mí bí ẹni tó gé e lọ́wọ́? Ó fẹ́ padà lọ sọ fún un pé kó dúró nídìí iṣẹ́ rẹ̀, pé àwọn yóò dúró de ìgbà tí ìlú yóò rọ̀. Kò padà. Ó ti wù ú kí wọ́n jọ wà.

Wọ́n dá ọjọ́. Ọjọ́bọ̀ tó kẹ́yìn oṣù ni Tàdáwà yóò ṣiṣẹ́ mọ. Ní aago márùn-ún ọjọ́ náà, yóò wá kí Bàbá Akọ̀wé. Ìgbéyàwó yóò tẹ̀ lé e ní ọ̀sẹ̀ mẹ́ta.

Ọjọ́ Ajé ọ̀sẹ̀ yẹn, Tàdáwà gbé bébà ìkẹyìn wá. Ọ̀gá rẹ̀ ti nìkan ṣiṣẹ́ ní ilé ìtẹ̀wé lọ́jọ́ Àìkú, ó tilẹ̀kùn mọ́rí, kò sì ṣàlàyé fún ẹnikẹ́ni. Bébà tó bàjẹ́ pọ̀ lẹ́yìn ẹ̀rọ, ó nípọn, ó fẹ̀, Tàdáwà sì ní oríire ni. Kò wo ohun tí wọ́n tẹ̀ sí i. Lójú atẹ̀wé, bébà tó bàjẹ́ kì í ṣe ìwé mọ́.

"Ti aṣọ tìrẹ nìyí," ó sọ fún Abẹ́rẹ́. "Èyí tó dáa jù ni."

Abẹ́rẹ́ kò fẹ́ kí oníbàárà kankan rí aṣọ náà, ló bá gbé e lọ sílé. Ó tẹ́ bébà náà sórí tábìlì pálọ̀, ojú funfun lókè. Ojú funfun nìkan ni aránṣọ ń wò, ibẹ̀ ni yóò fi pẹ́ńsùlù fa ìlà sí. Bàbá Akọ̀wé ti ibi iṣẹ́ dé, ó dúró wò ó títí, ó mú rúlà ọ́fíìsì rẹ̀, ó bá a tẹ etí bébà mọ́lẹ̀.

"Ṣé apá rèé?"

"Ọrùn ni, Bàbá."

"Ọrùn rẹ gùn tó yìí? Ti ìyá rẹ ló mú."

Ó ti pẹ́ tí Bàbá Akọ̀wé ti dárúkọ ìyá Abẹ́rẹ́ kẹ́yìn. Abẹ́rẹ́ gé ọrùn, bàbá rẹ̀ di bébà mú, àwọn méjèèjì rẹ́rìn-ín. Ká ní wọ́n yí bébà yẹn padà lẹ́ẹ̀kan péré, ìtàn mi ì bá parí sí ọjọ́ ìyàwó. Wọn kò yí i padà.

Nígbà tí ilẹ̀ fi mọ́ ní Ọjọ́rú, ìwé ìléwọ́ ti kún ìlú, ó wà lábẹ́ ilẹ̀kùn, ó wà lára òpó iná. Ó ní kí òṣìṣẹ́ kankan má ṣe lọ síbi iṣẹ́. Ní òwúrọ̀ Ọjọ́bọ̀, ṣọ́jà dí òpópó, wọ́n ń wọlé kiri láti ojúlé dé ojúlé. Ṣọ́jà mẹ́ta ló wọ ilé Bàbá Akọ̀wé, pẹ̀lú ọkùnrin kan tí kò wọ aṣọ ológun, tó fi awò sójú. Ọkùnrin náà kí wọn. Ó nu ẹsẹ̀ kó tó wọlé. Aṣọ funfun wà lórí tábìlì, pátáànì wà lórí rẹ̀, píìnì yí i ká. Ó yọ píìnì díẹ̀díẹ̀, ó gbé bébà àyà sókè, ó yí i padà. Tàdáwà ti yí lára rẹ̀, ìlà gun ìlà, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà ṣeé kà: ẸNIKẸ́NI MÁ LỌ SÍBI IṢẸ́.

"Ẹ jọ̀ọ́, Bàbá, kí lẹ ń pe èyí?"

"Aṣọ ìyàwó ọmọ mi ni, sà."

"Níbo ni bébà rẹ̀ ti wá?"

Abẹ́rẹ́ ni ó kọ́kọ́ fèsì. "Mo rà á lọ́jà. Lọ́wọ́ àwọn tó ń fi bébà di ẹrù."

Irọ́ dáadáa ni. Ó lè má gbà wọ́n, ṣùgbọ́n irọ́ dáadáa ni. Bàbá Akọ̀wé wo ọmọ rẹ̀, ó wo ọkùnrin aláwò, gbogbo ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n sì dìde nínú rẹ̀.

"Kò rí bẹ́ẹ̀, sà. Ọmọkùnrin tó fẹ́ fẹ́ ẹ ló gbé e wá. Atẹ̀wé ni, ní òpópó kejì, ojúlé kẹsàn-án. Bébà tó bàjẹ́ ni, sà, wọ́n máa ń kó o fún aránṣọ. Kò mọ nǹkan kan nípa rẹ̀. Aago mẹ́rin ló ń kúrò níbi iṣẹ́. Bí ẹ bá bi í, yóò ṣàlàyé fún yín."

"Bàbá," ni Abẹ́rẹ́ wí jẹ́jẹ́.

"Òótọ́ ni, ọmọ mi. Òótọ́ ni yóò yọ wá."

Ọkùnrin náà kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. "Ẹ ṣeun, Bàbá," ó ní. "Ká ní gbogbo èèyàn ló ń dáhùn báyìí ni." Ó ká pátáànì náà, ó kó o lọ. Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, ní í kó ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́.

Wọn kò ṣí òpópó títí di ọ̀sán. Nígbà tí Abẹ́rẹ́ àti Àǹtí sáré dé ilé ìtẹ̀wé, ilẹ̀kùn ti kúrò lára férémù, lẹ́tà òjé fọ́n ká ilẹ̀ bí àgbàdo. Ọ̀gá ti sá láti ọjọ́ Ìṣẹ́gun. Atẹ̀wé àgbàlagbà kan ló ṣẹ́ kù, ó jókòó lẹ́yìnkùlé sẹ́gbẹ̀ẹ́ bàsíà kan. Omi inú rẹ̀ dúdú, kẹrosíìnì léfòó lórí rẹ̀, búrọ́ọ̀ṣì wà nínú rẹ̀.

"Ó ń fọ ọwọ́ lọ́wọ́ ni wọ́n dé," ni ọkùnrin náà wí. "Láti aago mẹ́wàá ló ti ń fọ̀ ọ́. Ó ti fọ ọ̀tún tán. Ó bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n jẹ́ kí òun fọ òsì kí wọ́n tó mú òun lọ."

Abẹ́rẹ́ jókòó ti bàsíà náà. Aago márùn-ún lù, ó ṣì wà níbẹ̀.

Bàbá Akọ̀wé kọ lẹ́tà ẹ̀bẹ̀, ọwọ́ ìkọ̀wé rẹ̀ sì dára. Ó kọ sí àgọ́ ọlọ́pàá, ó kọ sí àgọ́ ológun, ó kọ sí ọ̀gá rẹ̀ àti ọ̀gá ọ̀gá rẹ̀. Ó sọ òótọ́ nínú gbogbo rẹ̀. Níbi gbogbo, èsì kan náà ni: kò sí ẹni tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀ níbí. Ọdún kan kọjá. Nínú ilé, Abẹ́rẹ́ ń kí i láàárọ̀, ó ń gbé oúnjẹ rẹ̀ kalẹ̀, ó ń fọ ṣẹ́ẹ̀tì rẹ̀ kó funfun.

"Òótọ́ ni mo sọ," ni bàbá rẹ̀ wí lọ́sàn-án ọjọ́ kan.

"Mo mọ̀, Bàbá."

"Mo rò pé—"

"Mo mọ̀."

"Bú mi. Kí n gbọ́ ọ lẹ́nu rẹ."

"Ẹ jẹun, Bàbá. Oúnjẹ ń tutù."

Lọ́dún kẹta, Àǹtí mú ọkùnrin kan tó ń ta oògùn wá, tí ìyàwó rẹ̀ ti kú, èèyàn jẹ́jẹ́. Abẹ́rẹ́ fi téèpù wọn èjìká rẹ̀, ó rán ṣẹ́ẹ̀tì fún un, ó bá a dì í dáadáa, ó ní ó dàbọ̀. Àǹtí kò tún ṣe alárinà fún ẹnikẹ́ni mọ́.

Lọ́dún karùn-ún, ìjọba yẹn wó, wọ́n ṣí ilẹ̀kùn ẹ̀wọ̀n. Abẹ́rẹ́ dúró lẹ́nu géètì fún ọjọ́ mẹ́ta, ó ń wo ọwọ́ gbogbo ẹni tó ń jáde. Lọ́jọ́ kẹrin, ọkùnrin kan wá sí ṣọ́ọ̀bù, awakọ̀ ni tẹ́lẹ̀, ó ti gbẹ bí igi ìdáná.

"Ta ni Abẹ́rẹ́ níbí?"

"Èmi ni."

Ó jókòó kó tó sọ ọ́. Ikọ́ ló pa Tàdáwà, nígbà òtútù ọdún kejì. Yàrá ẹ̀wọ̀n kan náà ni àwọn méjèèjì jọ wà.

"Iṣẹ́ kan ló rán mi," ó ní. "Bàbá Akọ̀wé ló rán mi sí. Ó ní kí n sọ fún un pé ọwọ́ òun ti mọ́. Méjèèjì."

Abẹ́rẹ́ mú àlùmọ́gàjí, ó tún gbé e sílẹ̀. "Kò rán ọ sí mi?"

"Rárá. Àmọ́ ó fi ìṣó kọ nǹkan sára ògiri, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi tó ń sùn. Kò sí ẹni tó lè kà á nínú wa, àtakọ̀wé àti tíṣà tó wà níbẹ̀. Ẹ̀yìn ló kọ sí wa."

"Lẹ́tà mélòó ni?"

Awakọ̀ náà ronú díẹ̀. "Márùn-ún."

Ní ìrọ̀lẹ́ yẹn, Abẹ́rẹ́ bá bàbá rẹ̀ níbi tó jókòó sí, ó kúnlẹ̀ bí ó ti yẹ kí ọmọ kúnlẹ̀, ó jíṣẹ́ náà bí wọ́n ṣe rán an, kò fi kún un, kò yọ níbẹ̀. Bàbá Akọ̀wé gbọ́ ọ tán. Ẹnu rẹ̀ là, ó pa dé, ó tún là. Ẹni tó ti ń dá gbogbo ayé lóhùn ní kíkún láti ìgbà èwe rẹ̀, ọjọ́ yẹn, kò rí ọ̀rọ̀ kan sọ, kò sì rí i sọ títí ó fi lọ bá àwọn baba rẹ̀.

Èmi kọ́ ni mo dá ìtàn yìí sílẹ̀. Àǹtí aránṣọ gan-an ló sọ ọ́ fún mi, lọ́jọ́ tí mo gbé aṣọ lọ fún un, tí irun rẹ̀ ti funfun tán. Abẹ́rẹ́ jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé, ó ń rán aṣọ ìyàwó ọmọ ẹlòmíràn, kò wò wá. Bí Àǹtí ṣe ń sọ ọ́ ló ń gé pátáànì mi. Kò sí bébà kan tó mú lọ́wọ́ tí kò kọ́kọ́ yí padà wò.